Bí PS5, Xbox Series X àti Switch ṣe ń pa géèmù dé: àgbéyẹ̀wò ẹni tó ń lo mẹ́tẹ̀ẹ̀ta

Nínú ọ̀pọ̀ àgbéyẹ̀wò ẹ̀rọ géèmù tí mo ti kà, wọ́n á sọ bí àwòrán ṣe dán tó, wọ́n á sọ bí páàdì ṣe rọ̀ lọ́wọ́ tó àti bí géèmù ṣe ń yára ṣí. Ti bí èèyàn ṣe máa jáde nínú géèmù ọ̀hún láìba nǹkan jẹ́, wọn kì í fẹnu bà á. Lójú tèmi, ibẹ̀ gan-an lọ̀rọ̀ wà, torí ìgbà téèyàn ń jáde ni iṣẹ́ ọ̀pọ̀ wákàtí máa ń ṣòfò. PS5 (ìyẹn PlayStation 5), Xbox Series X àti Nintendo Switch ló wà nílé wa, tọmọdé tàgbà ló sì ń gbá wọn, ohun tí mo fẹ́ sọ yìí kì í ṣe ohun tí mo gbọ́ lẹ́nu ẹlòmíràn.

Kí n kọ́kọ́ la ohun kan yé wa. Kéèyàn kúrò lójú géèmù yàtọ̀ sí kó pa géèmù dé. Tẹ́ ẹ bá tẹ bọ́tìnì tó ń gbé yín padà sí ojú ewé àkọ́kọ́, géèmù yẹn ò tíì lọ síbì kankan. Ńṣe ló dúró sójú kan nínú mẹ́mórì ẹ̀rọ, tó ń retí kẹ́ ẹ padà wá. Tẹ́ ẹ bá pa tẹlifíṣọ̀n, tẹlifíṣọ̀n nìkan lẹ pa. Tẹ́ ẹ bá ní kí ẹ̀rọ lọ sùn, á sùn, àmọ́ géèmù ṣì wà níbi tẹ́ ẹ bá a dé. Mi ò sọ pé ìyẹn burú o. Ó dùn mọ́ mi nínú láti dé láti ibi iṣẹ́ kí n tẹ bọ́tìnì kan, kí n sì bá ara mi lórí afárá tí mo dúró sí lánàá. Ìgbà téèyàn bá rò pé òun ti jáde, tí kò sì tíì jáde, ni wàhálà ń bẹ̀rẹ̀.

Switch ló ṣe é lọ́nà tó rọrùn jù, bẹ́ẹ̀ òun ló dàgbà jù nínú wọn, ọdún 2017 ló jáde. Bọ́tìnì Home wà lápá ọ̀tún, wọ́n ya ilé kékeré sí i lára. Ẹ tẹ̀ ẹ́, ojú ewé àkọ́kọ́ á yọ, ẹ máa rí géèmù tẹ́ ẹ ń gbá níbẹ̀. Ẹ tẹ X, á bi yín bóyá ẹ fẹ́ pa á dé, á sì rán yín létí pé ohun tẹ́ ẹ ò bá tíì séèfù, ìyẹn ohun tí géèmù ò tíì kọ sílẹ̀, máa lọ. Ẹ yan Close, ó tán. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ ṣí géèmù mìíràn nígbà tí ọ̀kan ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́, á kọ́kọ́ bèèrè lọ́wọ́ yín kó tó pa ti àkọ́kọ́. Mo fẹ́ràn ìbéèrè yẹn gan-an, torí ó ń fún ọmọdé láyè láti tún inú rò. Bọ́tìnì iná rẹ̀ náà ò ṣòroó lóye: ẹ tẹ̀ ẹ́ wẹ́rẹ́, ó sùn, ẹ dì í mú fún bí ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́ta, ó gbé ibi tẹ́ ẹ ti lè pa ẹ̀rọ pátápátá wá. Dídì í mú fún ìṣẹ́jú-àáyá 12, ìgbà tí gbogbo nǹkan bá ti gan pa nìkan ni kẹ́ ẹ lò ó. Ẹ má sì yọ káàdì géèmù nígbà tí géèmù bá ṣì ṣí. Lójú ẹsẹ̀ ló máa kú.

PS5 ló gba àlàyé. Ẹni tó bá ti orí PS4 bọ́ síbẹ̀ máa kọ́kọ́ tú ọwọ́ ara rẹ̀ kọ́, torí wọ́n yí iṣẹ́ bọ́tìnì PS po. Lórí PS4, ẹ tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan, ó gbé yín lọ sí ojú ewé àkọ́kọ́. Ẹ dì í mú, mẹ́nù kékeré yọ lẹ́gbẹ̀ẹ́. Lórí PS5, ẹ tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan, Control Center, ìyẹn mẹ́nù kékeré kan, ló máa yọ nísàlẹ̀, géèmù ṣì wà lókè rẹ̀. Ìgbà tẹ́ ẹ bá dì í mú díẹ̀ lẹ tó máa dé ojú ewé àkọ́kọ́. Tẹ́ ẹ bá ti débẹ̀, ẹ jẹ́ kí àmì wà lórí àwòrán géèmù yẹn, kẹ́ ẹ wá tẹ Options. Options ni bọ́tìnì tín-ín-rín tó wà lápá ọ̀tún pátákó ìfọwọ́kàn páàdì, ìlà mẹ́ta ni wọ́n fà sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́. Mẹ́nù á ṣí, ẹ máa rí Close Game nínú rẹ̀. Ìgbésẹ̀ yìí kò gùn, ó kàn fara pamọ́ ni. Ẹni tí kò bá sẹ́ni tó fi hàn án lè lo PS5 pẹ́ kó máà mọ̀ pé Options ń ṣiṣẹ́ lójú ewé àkọ́kọ́. Ìdí nìyẹn tí mo fi ń kọ́ gbogbo ẹni tó bá gba páàdì lọ́wọ́ mi ní bọ́tìnì yìí kó tó kọ́ bí wọ́n ṣe ń fò.

Géèmù kan ṣoṣo ni PS5 ń gbé lẹ́ẹ̀kan náà. Tẹ́ ẹ bá ṣí èkejì, àkọ́kọ́ á kásẹ̀ nílẹ̀. Nítorí náà, ẹ séèfù ti àkọ́kọ́ kẹ́ ẹ tó yọjú síbòmíràn.

Ẹ jẹ́ ká wá sọ ti Rest Mode, ìyẹn ipò tí ẹ̀rọ ń sùn sí, torí ibẹ̀ ni mo ti rí i pé ọ̀pọ̀ èèyàn kò mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀. Tí PS5 bá wà ní Rest Mode, iná ara rẹ̀ á di aláwọ̀ ọsàn. Iná yẹn ń sọ pé ẹ̀rọ kò tíì kú. Inú mẹ́mórì ni géèmù tẹ́ ẹ fi sílẹ̀ wà, mẹ́mórì yìí kò sì lè di nǹkan mú láìsí iná. Tẹ́ ẹ bá yọ wáyà lára ògiri, tàbí tí iná bá ṣàdédé lọ, géèmù yẹn ti lọ, pẹ̀lú gbogbo ohun tẹ́ ẹ ò tíì séèfù. Tẹ́ ẹ bá tún tan ẹ̀rọ, ó lè kọ́kọ́ sọ fún yín pé òun ń tún ibi ìkópamọ́ òun ṣe kó tó jẹ́ kẹ́ ẹ wọlé. Àmì pé wọn ò pa á bó ṣe yẹ nìyẹn. Ẹni tó bá fẹ́ yọ wáyà, tàbí tó fẹ́ gbé ẹ̀rọ láti yàrá kan sí òmíràn, kó tẹ bọ́tìnì PS, kó lọ síbi àmì iná nínú Control Center, kó yan Turn Off PS5, kó sì dúró títí iná ara ẹ̀rọ fi máa kú pátápátá. Kí iná yẹn tó kú, wáyà kò ṣeé fọwọ́ kàn.

Ọ̀nà tí Xbox Series X gbà yàtọ̀. Ọdún 2020 náà lòun jáde, oṣù kan náà pẹ̀lú PS5, ó sì gbé ohun tí wọ́n ń pè ní Quick Resume wá. Dípò kó fi géèmù sílẹ̀ nínú mẹ́mórì nìkan, ó máa ń kó gbogbo bí géèmù ṣe wà sórí SSD, ìyẹn ibi ìkópamọ́ tí kì í gbàgbé nǹkan bí iná bá lọ. Ẹ fojú wo ọ̀rọ̀ tó wà lórí ẹni lásán àti ọ̀rọ̀ téèyàn ti kọ sínú ìwé. Ti PS5 ló dà bí ti àkọ́kọ́, ti Xbox ló dà bí ti ìkejì. Ìdí nìyẹn tí géèmù mélòó kan fi lè dúró pa pọ̀ lórí Xbox, tí wọ́n sì ṣì máa ń wà níbẹ̀ bẹ́ẹ̀ bá tún ẹ̀rọ tàn, kódà bẹ́ẹ̀ bá yọ wáyà. Mo ka iṣẹ́ tí wọ́n ṣe síbí yìí sí iṣẹ́ ńlá. Láti inú géèmù bọ́ọ̀lù sínú géèmù ogun, kí n sì padà sórí bọ́ọ̀lù níbi tí mo ti fi í sílẹ̀, láìtún wo àwòrán ìbẹ̀rẹ̀ kankan, ohun tí mi ò fẹ́ pàdánù mọ́ ni.

Síbẹ̀, ọgbọ́n yẹn ló tún mú kí pípa géèmù dé ṣe pàtàkì jù lórí Xbox, torí géèmù ibẹ̀ kì í tètè kú fúnra rẹ̀. Ẹ tẹ bọ́tìnì Xbox tó ń tàn láàárín páàdì, mẹ́nù á yọ lápá òsì. Ẹ gbé àmì lé géèmù náà, ẹ tẹ bọ́tìnì Menu tó ní ìlà mẹ́ta, ẹ yan Quit. Géèmù yẹn ti kúrò nìyẹn. Àwọn tó ṣì wà nínú Quick Resume, ẹ lè lọ wò wọ́n lójú ewé tí wọ́n kó wọn jọ sí, kẹ́ ẹ sì yọ èyí tẹ́ ẹ ò fẹ́ mọ́. Láti ọdún 2022, ẹ tún lè so méjì mọ́lẹ̀ níbẹ̀ kí wọ́n má bàa kúrò nígbà tí géèmù mìíràn bá ń gba àyè. Ẹ̀rọ tó bá gan pa, ẹ di bọ́tìnì iná ara rẹ̀ mú fún ìṣẹ́jú-àáyá 10, á pa ara rẹ̀ pátá. Lórí ọ̀rọ̀ iná, Microsoft sọ pé tí Xbox bá wà ní Sleep, ìyẹn ipò oorun tirẹ̀, wáàtì 10 sí 15 ló ń jẹ. Tó bá wà ní ipò tó ń pa ara rẹ̀, ìlàjì wáàtì kan ni. Quick Resume sì ń ṣiṣẹ́ nínú méjèèjì, mi ò wá rí ìdí tí mo fi máa fi tèmi sí Sleep.

Ẹ̀rọ èyíkéyìí tẹ́ ẹ̀ báà máa lò, géèmù tó jẹ́ pé orí íntánẹ́ẹ̀tì ni wọ́n ti ń gbá a, ẹ pa á dé ní gbogbo ìgbà. Kò sí àwíjàre níbẹ̀. Àbúrò mi obìnrin jí ẹ̀rọ kan lójú oorun nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan láti máa bá eré òun àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ lọ. Géèmù yọ lóòótọ́, ẹni tó ń darí dúró nínú yàrá tó fi í sí, fìlà rẹ̀ ṣì wà lórí, ó ń mí sókè mí sísàlẹ̀. Ó rìn lọ sẹ́nu ọ̀nà, ilẹ̀kùn ò ṣí. Ó tẹ gbogbo bọ́tìnì, kò sẹ́ni tó dá a lóhùn. Ó ṣe díẹ̀ kí ọ̀rọ̀ tó yọ lójú tẹlifíṣọ̀n pé okùn tó so ó mọ́ sáfà, ìyẹn kọ̀ǹpútà tó ń gbé géèmù náà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ti já. Ẹ̀rọ lè tọ́jú ohun tó wà lọ́dọ̀ rẹ̀, kò lè ní kí sáfà tó wà lọ́nà jíjìn dúró de ẹnì kan. Ẹ pa á dé, ẹ ṣí i lákọ̀tun, ẹ̀ẹ̀kan náà lẹ máa wọlé.

Àtúnṣe tuntun náà ń fẹ́ bẹ́ẹ̀. Lórí PlayStation, àtúnṣe lè wọlé tán kó sì jókòó, kò ní lè fi ara rẹ̀ sínú géèmù títí dìgbà tẹ́ ẹ bá pa géèmù náà dé. Ẹni tí géèmù rẹ̀ kò gba àtúnṣe láti ọjọ́ yìí wá, kó kọ́kọ́ wò ó bóyá ó ṣí sílẹ̀ lẹ́yìn.

Ti séèfù orí íntánẹ́ẹ̀tì ńkọ́? Ẹni tó ń gbá géèmù kan náà lórí ẹ̀rọ méjì nílò rẹ̀ gan-an. Lórí Xbox ọ̀fẹ́ ni. Lórí PlayStation ẹ gbọ́dọ̀ san owó PlayStation Plus, lórí Switch ẹ gbọ́dọ̀ san ti Nintendo Switch Online. Ẹ pa géèmù dé lórí ẹ̀rọ àkọ́kọ́ kẹ́ ẹ fún un láyè díẹ̀ kó gbé séèfù yẹn lọ, kẹ́ ẹ tó lọ ṣí i lórí ìkejì. Tẹ́ ẹ bá fi méjèèjì sílẹ̀ ní ṣíṣí, ẹ̀rọ á wá máa bi yín pé èwo nínú séèfù méjì ni òótọ́.

Ohun tó wá ju gbogbo èyí lọ ni pé ẹ̀rọ kì í bá géèmù séèfù. Quit, Close àti Close Game, iṣẹ́ kan náà ni wọ́n ń ṣe: wọ́n ń gbé géèmù kúrò. Ohun tí géèmù ò bá tíì kọ sílẹ̀ bá a lọ nìyẹn. Ọ̀pọ̀ géèmù òde òní ń séèfù fúnra wọn, ẹ sì máa ń rí àmì kékeré kan tó ń yí ní igun ojú tẹlifíṣọ̀n. Wọ́n máa ń kọ ọ́ síbẹ̀ nígbà téèyàn bá kọ́kọ́ ṣí géèmù pé kẹ́ ẹ má pa ẹ̀rọ nígbà tí àmì yìí bá wà lójú. Ẹ kà á, ẹ má fò ó. Ìgbà tí àmì yẹn ń yí ni géèmù ń kọ̀wé lọ́wọ́. Ìwé tí wọ́n bá já gbà láàárín méjì lè má ṣeé kà mọ́. Bí mo ṣe ń ṣe é rèé: mo máa séèfù fúnra mi níbi tí géèmù bá ti gbà mí láyè, mo máa wo àmì yẹn títí á fi kúrò, mo máa padà sí mẹ́nù àkọ́kọ́ géèmù náà, torí àwọn géèmù kan wà tó jẹ́ ìgbà tẹ́ ẹ bá ń padà síbẹ̀ ni wọ́n ń séèfù, lẹ́yìn ìyẹn ni mo tó pa á dé lọ́nà tí ẹ̀rọ ń gbà pa á.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe tuntun. Nígbà tí géèmù The Legend of Zelda dé Amẹ́ríkà lórí NES, ẹ̀rọ géèmù Nintendo àtijọ́, ní ọdún 1987, bátìrì kékeré ló wà nínú káàdì rẹ̀ tó ń tọ́jú séèfù, wọ́n sì kọ́ àwọn tó ń gbá a pé kí wọ́n di Reset mú kí wọ́n tó pa iná, kí séèfù má bàa bàjẹ́ nígbà tí iná bá ń lọ sílẹ̀. Ọmọ kékeré ìgbà náà mọ̀ ọ́n.

Ohun kan wà lórí PS4 tí mo fẹ́ kí gbogbo ẹ̀rọ ní. Nínú ètò Rest Mode rẹ̀, àyè kan wà tí wọ́n pè ní Keep Application Suspended. Bẹ́ẹ̀ bá yọ àmì kúrò níbẹ̀, ìgbàkigbà tí ẹ̀rọ bá fẹ́ sùn, á kọ́kọ́ pa géèmù dé. Fún ilé tí ọmọdé pọ̀ sí, àbí ilé tí ọwọ́ ẹnikẹ́ni lè kan wáyà, àmì yẹn ni mo máa yọ lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Kí wọ́n tún fi kún un pé tí séèfù bá ti pẹ́, kí ẹ̀rọ sọ iye ìṣẹ́jú tó ti kọjá láti ìgbà náà kó tó gbà kẹ́ ẹ yan Close. Mo mọ ẹni mélòó kan nínú ilé wa tó máa padà lọ séèfù tí wọ́n bá rí nọ́ńbà yẹn.