Wákàtí Mẹ́rin Lábẹ́ Bàkónì Ceaușescu

Ní Bucharest, olú-ìlú Ròmáníà, àwọn ilé-iṣẹ́ kéékèèké wà tí wọ́n ń fi ẹsẹ̀ mú àlejò rìn káàkiri ìlú láti sọ ìtàn ìjọba Kọ́múníìsì fún un. Mo san owó fún ọ̀kan nínú wọn nígbà tí mo ti London lọ lo ọjọ́ díẹ̀ níbẹ̀, n kò sì ní dárúkọ rẹ̀, nítorí mo ní ẹ̀sùn kan sí apá ìkẹyìn iṣẹ́ wọn. Ìlérí wọn ni pé, láàárín wákàtí mẹ́rin, àlejò yóò mọ bí Nicolae Ceaușescu ṣe dé orí àlééfà, ọgbọ́n tó fi jókòó síbẹ̀ fún ọdún 24, àti bí ohun gbogbo ṣe bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́ láàárín ọjọ́ mẹ́wàá. Nínú ìlérí mẹ́ta yìí, wọ́n mú méjì ṣẹ.

Màmá kan tí wọ́n ti lé díẹ̀ ní 60 ọdún ló mú wa kiri. Wọn kò bẹ̀rẹ̀ láti ààfin ńlá tí gbogbo àlejò ń sáré lọ wò. Gbàgede Piața Revoluției ni wọ́n ti ní kí a pàdé, níwájú ilé tí ìgbìmọ̀ àpapọ̀ ẹgbẹ́ Kọ́múníìsì ń lò nígbà náà, tó ti di ti ilé-iṣẹ́ ìjọba tó ń rí sí ọ̀rọ̀ abẹ́lé báyìí. Wọ́n nawọ́ sí bàkónì kan tó wà lókè ẹnu ọ̀nà. Ó yà mí lẹ́nu pé kò ga rárá. Ọ̀pọ̀ ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí àwọn oníṣòwò kòkó kọ́ sí Ìbàdàn láyé àtijọ́ ní èyí tó ga jù ú lọ. Lórí bàkónì yìí ni àwọn ènìyàn ti pàtẹ́wọ́ fún Ceaușescu tọkàntọkàn ní ọdún 1968, orí rẹ̀ náà ni wọ́n sì ti hó lé e lórí ní ọdún 1989. Bí wọ́n ṣe so ìbẹ̀rẹ̀ àti òpin ìtàn mọ́ ojú kan bẹ́ẹ̀ mú kí n gbà láti ìbẹ̀rẹ̀ pé owó mi kò ṣòfò.

Lọ́dọ̀ tiwa, bí a bá gbọ́ pé ẹnì kan fi ipá gba ìjọba, ohun tó ń wá sí wa lọ́kàn ni orin sójà lórí rédíò ní òwúrọ̀ kùtùkùtù. Màmá yìí jẹ́ kó yé wa pé Ceaușescu kò nílò ìbọn kankan. Nígbà tí Gheorghiu-Dej, olórí ẹgbẹ́, kú ní oṣù kẹta ọdún 1965, àwọn àgbà tó kù kò fọkàn tán ara wọn, wọ́n sì fa ọmọ ọdún 47 kan kalẹ̀, ẹni tó wá láti abúlé Scornicești, tó kọ́ iṣẹ́ bàtà ní kékeré, tí ọ̀rọ̀ kò sì yọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Wọ́n rò pé ọmọ tí àwọn yóò máa rán níṣẹ́ ni. Láàárín ọdún mẹ́ta, ọmọ àránníṣẹ́ yìí ti ń yọ wọ́n níkọ̀ọ̀kan. Drăghici, tí àwọn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ wà lábẹ́ rẹ̀ tẹ́lẹ̀, ni ó fi òkú bá jà: ó hú ẹjọ́ Pătrășcanu jáde, aṣáájú ẹgbẹ́ kan tí wọ́n pa ní ọdún 1954, ó dá olóògbé náà láre, ó sì di ẹ̀bi náà ru alátakò rẹ̀. Nígbà tó di ọjọ́ 21 oṣù kẹjọ ọdún 1968, tí ọmọ ogun Soviet wọ Czechoslovakia, ó jáde sórí bàkónì yìí, ó sì bu ẹnu àtẹ́ lu Moscow ní gbangba. Màmá wa fi ẹ̀rọ kékeré kan gbé ohùn ọjọ́ náà jáde fún wa, wọ́n sì dákẹ́ kí a lè gbọ́ àtẹ́wọ́. Àwọn gan-an jẹ́wọ́ pé bàbá àwọn wà nínú àwọn tó pàtẹ́wọ́, kò sì sí ẹni tó fi owó pè wọ́n wá. Ọdún kan lẹ́yìn náà, Nixon, ààrẹ Amẹ́ríkà, wá kí i. Ní ọdún 1978, Ọbabìnrin Elizabeth gbà á lálejò ní Buckingham.

Apá kejì, ìyẹn bí ó ṣe di àlééfà náà mú, ni iṣẹ́ wọn ti dára jù. Bí a ṣe ń rìn lọ sí apá gúúsù ìlú, màmá ń sọ ohun kéékèèké tí ìjọba fi ń wọ inú ilé ènìyàn. Òfin 770 ti ọdún 1966 ka oyún ṣíṣẹ́ léèwọ̀, ọ̀pọ̀ obìnrin sì kú sọ́wọ́ àwọn tó ń ṣẹ́ ẹ ní kọ̀rọ̀. Láti ọdún 1983, ẹni tó bá ní taipúráítà gbọ́dọ̀ fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ọlọ́pàá, kí wọ́n lè mọ ẹni tó tẹ ìwé bí wọ́n bá rí ìwé tí kò dùn mọ́ wọn. Tẹlifíṣàn wá di wákàtí méjì lójúmọ́, ìyìn Ceaușescu àti ti Elena ìyàwó rẹ̀ ló sì ń gba púpọ̀ nínú rẹ̀. Nítorí ó fẹ́ san gbèsè ilẹ̀ òkèèrè tó tó bí bílíọ̀nù 10 dọ́là, ó ń kó oúnjẹ àwọn aráàlú tà sí òkèèrè, àwọn tó ń gbin oúnjẹ sì ń tò fún búrẹ́dì. Màmá sọ pé ìyá ìyá àwọn a máa tò sórí ìlà kí wọ́n tó béèrè ohun tí wọ́n ń tà níwájú. Mo rẹ́rìn-ín, ojú sì tì mí pé mo rẹ́rìn-ín.

Ohun kan wà tí n kò retí. Lẹ́yìn ilé gbígbé gíga kan ni wọ́n ti fi ṣọ́ọ̀ṣì Mihai Vodă hàn wá. Nígbà tí Ceaușescu ń wó àdúgbò Uranus láti fi àyè sílẹ̀ fún ààfin rẹ̀, àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ gbé ṣọ́ọ̀ṣì yìí lódindi sórí irin bíi ti rélùwéè, wọ́n sì tì í lọ síbi tí ojú ọ̀gá kò ti ní máa rí i. Ó ṣì wà ní kọ̀rọ̀ náà títí di òní.

Ààfin fúnra rẹ̀, tí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ń lò báyìí, kò gba ọ̀rọ̀ púpọ̀ lọ́wọ́ mi. Ó fẹ̀ tó 365,000 mítà onígun mẹ́rin, ọdún 1984 ni wọ́n fi ìpìlẹ̀ rẹ̀ lélẹ̀, ẹni tó ní kí wọ́n kọ́ ọ kò sì rí i kí ó parí. Pásípọ́ọ̀tù ni wọ́n ń béèrè kí ènìyàn tó wọlé. Ìṣòro tó wà níbẹ̀ ni pé mábù àti àtùpà ńláńlá a máa gba iyè lọ́wọ́ àlejò. Àwọn tó ti ń mí kanlẹ̀ nítorí búrẹ́dì ní wákàtí kan ṣáájú ti bẹ̀rẹ̀ sí í ya fọ́tò ara wọn lórí àtẹ̀gùn. Màmá gbìyànjú láti dá wa padà sínú ọ̀rọ̀ nípa sísọ ìtàn ọ̀pá àṣẹ tí Ceaușescu ní kí wọ́n gbé fún òun nígbà tó di ààrẹ ní 1974. Ayàwòrán Salvador Dalí fi tẹligíráàmù kí i kú oríire ọ̀pá náà láti fi ṣe yẹ̀yẹ́, ìwé ìròyìn ẹgbẹ́ sì tẹ̀ ẹ́ jáde, wọ́n rò pé ìyìn ni.

Ibi tí mo ti fẹ́ kí wọ́n dá díẹ̀ padà nínú owó mi ni apá kẹta. Wọ́n sọ ti ọjọ́ 21 oṣù kejìlá ọdún 1989 dáadáa: àwọn òṣìṣẹ́ tí wọ́n kó wá láti ilé-iṣẹ́ pẹ̀lú àsíá lọ́wọ́, ariwo tó ṣẹ́ lójijì, ọwọ́ Ceaușescu tó dúró sófuurufú, àfikún owó oṣù tó ṣèlérí nígbà tí ẹ̀pa kò bóró mọ́. Mo rántí èrò tí wọ́n kó lọ sí Abuja ní oṣù kẹta ọdún 1998 láti bẹ Abacha pé kó má lọ. Àwọn yẹn kò hó lé ẹnikẹ́ni lórí. Ṣùgbọ́n lẹ́yìn ariwo yìí, hẹlikópítà gbé Ceaușescu àti ìyàwó rẹ̀ lórí òrùlé ní ọ̀sán ọjọ́ kejì, ìbọn tó pa àwọn méjèèjì dún ní ìlú Târgoviște ní ọjọ́ Kérésìmesì, ìtàn parí. Ìlú Timișoara, níbi tí wọ́n ti ń yìnbọn pa aráàlú láti ọjọ́ 17, gba gbólóhùn kan péré. Wọn kò sọ̀rọ̀ Milea, mínísítà ètò ààbò, tó kú ní òwúrọ̀ ọjọ́ 22, tí àwọn ológun sì kẹ̀yìn sí Ceaușescu lẹ́yìn ikú rẹ̀. Wọn kò dárúkọ ọ̀gágun Stănculescu, ẹni tí ẹsẹ̀ kò dùn tó lọ di POP mọ́ ọn kí wọ́n má baà fà á síṣẹ́, tó sì wà lára àwọn tó ṣètò ìgbẹ́jọ́ ọ̀gá rẹ̀ ní ọjọ́ mẹ́ta lẹ́yìn náà. Ẹni tó bá ra ìtàn yìí bí wọ́n ṣe tà á yóò rò pé ariwo nìkan ló ń lé apàṣẹwàá lọ.

Nígbà tí mo béèrè ẹni tó gba ìjọba, màmá fi ohùn jẹ́jẹ́ dá mi lóhùn pé Ion Iliescu ni, ọmọ ẹgbẹ́ kan náà, àti pé ó ju 1,000 ènìyàn lọ tó kú ní oṣù yẹn, tí èyí tó pọ̀ jù nínú wọn sì kú lẹ́yìn tí hẹlikópítà ti gbéra. Wọ́n ní ilé-iṣẹ́ kì í fẹ́ kí àwọn dé ibẹ̀, nítorí àlejò fẹ́ kí òpin rẹ̀ dùn. Nítorí náà, ẹ̀bi náà kì í ṣe tiwọn.

Iye tí wọ́n gbà kò wọ́n, a kò ju ènìyàn mẹ́sàn-án lọ, ohùn màmá sì dé ọ̀dọ̀ gbogbo wa. Kí ẹni tó bá fẹ́ lọ wọ bàtà tó rọrùn, kí ó sì bi wọ́n ní ìbéèrè nípa Milea kí wọ́n tó kúrò ní Piața Revoluției, nítorí ní ààfin, kò ní sí àyè mọ́. Èmi padà lọ síbẹ̀ nìkan ní ọjọ́ kejì, síbi òpó mábù tí wọ́n fi ṣèrántí àwọn olóògbé, èyí tí àwọn ará Bucharest ń pè ní pòtétò tí wọ́n fi igi gún. Ẹnì kan ti ju ọ̀dà pupa lù ú lókè.